Mọremí Kì Í Ṣe Orúkọ Àbísọ

Ilé là ń wò kí a tó sọmọ lórúkọ. Orúkọ tí Yorùbá ń fún ọmọ kì í ṣe àmì lásán tí a fi ń ya ẹnì kan sọ́tọ̀ láàárín èrò. Ìtàn ni, ó ń sọ bí a ti bí ọmọ náà, irú ilé tí a bí i sí, àti ohun tí àwọn òbí rẹ̀ ń retí lára rẹ̀. Àwọn onímọ̀ wa ti pín orúkọ wọ̀nyí sí ọ̀nà mélòó kan: àmútọ̀runwá, àbísọ, oríkì, orúkọ àbíkú, àti ìnagijẹ tí ẹgbẹ́ ẹni tàbí iṣẹ́ ẹni fi ń pe ni. Láti nǹkan bí ọgọ́ta ọdún sẹ́yìn, irú orúkọ mìíràn ti wọ àárín wa tí ó yẹ kí a fún ní àyè tirẹ̀. Orúkọ náà ni èyí tí tẹlifíṣọ̀n ń fún ènìyàn.

Bí òṣèré obìnrin kan tí ojú rẹ̀ ti di mímọ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n bá sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ní Dùgbẹ̀, tàbí tí ó bá ń ná ata ní ọjà Bódìjà, orúkọ tí àwọn èrò yóò fi kí i kì í sábà jẹ́ èyí tí ìyá rẹ̀ fún un. Ìyá Rainbow ni wọn yóò pe Ìdòwú Philips. Rainbow yìí sì jẹ́ ìtumọ̀ Òṣùmàrè, orúkọ ẹgbẹ́ òṣèré tí olóògbé ọkọ rẹ̀, Ayànfẹ́mi Philips, dá sílẹ̀. Ìyá Òṣogbo ni wọ́n mọ Grace Oyin-Adéjọbí sí. Ìyá Àwẹ̀ró ni Láńre Hassan, ẹni tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nínú ẹgbẹ́ Òjó Ládiípọ̀, Bàbá Mérò. Ní ti Ìbídùn Allison, tí ó kópa nínú eré The Village Headmaster tí a bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe lórí tẹlifíṣọ̀n ní Èkó ní 1968, orúkọ tí ó jẹ́ nínú eré náà, Amẹ́bọ, ti kúrò ní orúkọ ẹnì kan, ó ti di ọ̀rọ̀ tí gbogbo Nàìjíríà fi ń pe olófòófó. Àwọn tí ń pe ara wọn ní amẹ́bọ lónìí pọ̀ tí wọn kò tilẹ̀ mọ̀ pé obìnrin kan wà tí iṣẹ́ ọpọlọ àti ẹnu rẹ̀ fún èdè wa ní ọ̀rọ̀ yìí.

Ọ̀kan nínú wọn ni mo fẹ́ fi ṣe òpó tí àròkọ yìí yóò dúró lé. Mọremí ni wọ́n ń pè é. Orúkọ rẹ̀ gan-an ni Abíọ́dún Dúró-Ládiípọ̀. Abíọ́dún ni à ń sọ ọmọ tí a bí ní àsìkò ọdún. Mọremí ni ayaba Ifẹ̀ tí ó fi ara rẹ̀ sílẹ̀ fún ìlú. Ohun tí ó wà láàárín orúkọ méjèèjì yìí ni ìtàn òṣèré obìnrin Yorùbá láti ìgbà ìtàgé dé ìgbà tẹlifíṣọ̀n. Bí a bá tú ìtàn náà wò fínnífínní, a ó rí i pé orúkọ tí tẹlifíṣọ̀n fún àwọn obìnrin wọ̀nyí jẹ́ ẹ̀bùn, ó sì tún jẹ́ ìgbésẹ̀lé. Ó sọ wọ́n di ẹni tí gbogbo ilé mọ̀, ó sì bo ẹni tí wọ́n jẹ́ mọ́lẹ̀.

OBÌNRIN KÍ TẸLIFÍṢỌ̀N TÓ DÉ

Nínú eré alárìnjó, tí ó jẹ yọ láti inú egúngún, ọkùnrin ni ó ń wọ ẹ̀kú, ọkùnrin náà ni ó sì ń ṣe bí obìnrin nígbà tí eré bá béèrè fún un. Èyí kò túmọ̀ sí pé àwọn ìyàwó alárìnjó káwọ́ lérí. Àwọn ni ó ń gbe orin, tí wọ́n ń ki oríkì, tí wọ́n sì ń mú kí ara òṣèré yá gágá. Ohùn wọn ni a ń gbọ́; àárín agbo kò jẹ́ tiwọn.

Hubert Ògúndé ni ó kọ́kọ́ yí ètò yìí padà gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ òòjọ́. Ní 1945 ni ó fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀ láti gbájú mọ́ eré ṣíṣe. Nígbà tí ó sì gbé eré Tiger's Empire jáde ní 1946, àwọn obìnrin wà nínú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí òṣèré tí a ń sanwó fún, tí a sì polówó pé àwọn ni yóò ṣeré. Rírí àwọn obìnrin náà kò rọrùn. Ebun Clark, tí ó kọ ìwé lórí ìgbésí ayé àti iṣẹ́ Ògúndé ní 1979, sọ bí ọ̀rọ̀ ti rí. Ògúndé polówó pé òun ń wá òṣèré obìnrin, ẹnikẹ́ni kò yọjú. Ó yí ọ̀rọ̀ padà, ó ní akọ̀wé obìnrin ni òun ń wá, àwọn ọ̀dọ́bìnrin sì dé. Ìgbà tí wọ́n dé ibi iṣẹ́ ni wọ́n gbọ́ pé eré ni wọn yóò máa ṣe. Nígbà tí àwọn òbí bẹ̀rẹ̀ sí í kùn pé ọmọ àwọn kò ní di alágbe kiri ìlú, Ògúndé wá ojútùú sí i: ó fẹ́ wọn níyàwó.

Kí òǹkàwé má kàn fi èyí rẹ́rìn-ín kọjá. Ọgbọ́n tí Ògúndé dá yìí ni ó di òfin fún ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ òṣèré tí ó tẹ̀ lé e. Ìyàwó olórí ẹgbẹ́ ni ìyá ẹgbẹ́. Òun ni ó ń ṣe ayaba lórí ìtàgé, òun náà ni ó ń dáná fún àwọn ọmọ ẹgbẹ́, tí ó ń já owó ìwọlé gbà lẹ́nu ọ̀nà, tí ó sì ń gbé ọmọ pọ̀n nínú ọkọ̀ láti Ìbàdàn lọ sí Àkúrẹ́. Ó gba obìnrin lọ́wọ́ ẹ̀gàn, nítorí pé ta ni yóò pe ìyàwó ilé ní ìránkíràn nígbà tí ó wà lọ́dọ̀ ọkọ rẹ̀? Ẹ̀wẹ̀, ó sọ iṣẹ́ rẹ̀ di iṣẹ́ ilé. Bí a kì í ti í san owó oṣù fún ìyàwó nítorí pé ó se ọbẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ó ṣòro láti mọ ibi tí owó iṣẹ́ òṣèré parí sí àti ibi tí owó oúnjẹ ti bẹ̀rẹ̀. Ewu iṣẹ́ náà kò sì yọ wọ́n sílẹ̀. Ìjàmbá ọkọ̀ ni ó pa Adésẹ̀wà, aya Ògúndé tí ó jẹ́ àgbà òṣèré nínú ẹgbẹ́ náà, ní 1970.

ÌBÀDÀN TUNTUN ÀTI ÀPÓTÍ TUNTUN

Báyìí ni ọ̀rọ̀ wà nígbà tí tẹlifíṣọ̀n dé. Ọ̀rọ̀ ìṣèlú ni ó bí i. Ní 1953, lẹ́yìn tí àwọn aṣòfin Ẹgbẹ́ Ọlọ́pẹ fi ìbínú jáde nílé ìgbìmọ̀ lórí ọ̀rọ̀ òmìnira, gómìnà Macpherson bá wọn wí lórí rédíò ìjọba. Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ béèrè fún àyè láti fèsì lórí rédíò kan náà, wọn kò fún un. Nígbà tí òfin tuntun ti 1954 fún àwọn ẹkùn ní àǹfààní láti dá ilé iṣẹ́ ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́ tiwọn sílẹ̀, Ìwọ̀-Oòrùn kò fi ọ̀ràn náà falẹ̀. Ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959, WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn, ó sì sọ ara rẹ̀ ní aṣáájú ní Áfíríkà.

Ìlú tí tẹlifíṣọ̀n dé bá náà ń yí padà. Nítòsí Agodi tí ilé iṣẹ́ náà wà ni wọ́n ti ń kọ́ àwọn ilé Bódìjà, tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ṣètò fún àwọn òṣìṣẹ́ àti àwọn ọ̀mọ̀wé. Ní Dùgbẹ̀, ilé àwòṣífìlà tí a fi owó kòkó kọ́ parí ní 1965. Agbówó bẹ̀rẹ̀ sí í kún lódìkejì ẹnu ọ̀nà Yunifásítì. Lẹ́yìn náà ni ìlú nà gba Ring Road lọ sí Challenge. Ìbàdàn yìí yàtọ̀ sí ti agbo ilé ńlá tí gbogbo mọ̀lẹ́bí ti ń wo eré pọ̀ ní ojúde. Ilé oníyàrá méjì mẹ́ta ni, tí bàbá, ìyá àti ọmọ ń gbé, tí pálọ̀ sì di ojúde wọn. Nínú pálọ̀ náà ni wọ́n gbé àpótí náà sí. Ẹni tí kò ní tirẹ̀ a dúró lójú fèrèsé aládùúgbò.

Èdè Gẹ̀ẹ́sì ni eré oníṣe ti kọ́kọ́ wọ orí àpótí náà. Ní 1960, Ṣẹ́gun Olúṣọlá darí eré Wọlé Ṣóyínká, My Father's Burden, fún WNTV. Ṣùgbọ́n kò pẹ́ tí àwọn ẹgbẹ́ òṣèré Yorùbá fi gba ibẹ̀. Ní àárín àwọn ọdún 1960 ni Mósè Ọláìyá Adéjùmọ̀, Bàbá Sàlá, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe Aláwàdà níbẹ̀, tí gbogbo ilé sì ń dúró de ọjọ́ rẹ̀. Àwọn ẹlẹ́gbẹ́ mìíràn tẹ̀ lé e. Dúró Ládiípọ̀ gbé Bodè Wásinmi wá láti Òṣogbo. Oyin Adéjọbí gbé Kóòtù Aṣípa wá, níbi tí ó ti jókòó gẹ́gẹ́ bí adájọ́ kóòtù ìbílẹ̀, tí tọkọtaya àti orogún ń ro ẹjọ́ wọn níwájú rẹ̀. Nígbà tí ó fi di àwọn ọdún 1980, tí eré Arélù gba ìgboro, ẹgbẹ́ òṣèré Yorùbá ti lé ní 100.

Kí ni èyí yí padà fún obìnrin? Ó yí ẹni tí ń wò ó padà. Òru ni eré ìtàgé, ní Òbísẹ̀san Hall tàbí ní gbọ̀ngàn Mápó, iye àwọn ìyàwó ilé tí wọ́n sì lè fi ọmọ sílẹ̀ lóru láti lọ wo eré kò pọ̀. Tẹlifíṣọ̀n gbé eré wá bá wọn nílé. Ìyá tí ń yọ ìgbá ẹ̀gúsí, ọmọge tí ń lọ aṣọ ilé ẹ̀kọ́, ìyá àgbà tí kò lè gun òkè Mápó mọ́, gbogbo wọn di òǹwòran. Ohun tí wọ́n sì fẹ́ rí ni obìnrin bí àwọn: ìyá ọkọ tí kò gba tẹni, orogún, ìyálé tí ń fi ẹ̀rín bo ìbínú, opó tí wọ́n ń dù ní ogún. Ẹ̀yìn ìgbà tí eré bọ́ sí pálọ̀ ni ipa obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í gbilẹ̀, tí ó fi di pé eré tí kò bá ní ìyá tí ó mọ̀rọ̀ọ́ sọ kò lè dùn.

ABÍỌ́DÚN, ỌYA, MỌREMÍ

Dúró Ládiípọ̀, tí a bí ní Òṣogbo ní 1926, jẹ́ olùkọ́ àti ọmọ oníṣẹ́ ìjọ Áńgílíkà tí ó fẹ́ kí ìlù Yorùbá wọ inú orin ìjọ. Nígbà tí èyí dá awuyewuye sílẹ̀, ó wá ilé mìíràn fún iṣẹ́ rẹ̀. Ní 1962, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ Ulli Beier, ó dá Mbárí Mbáyọ̀ sílẹ̀ ní Òṣogbo, ní àwòṣe ẹgbẹ́ Mbárí tí ó ti wà ní Ìbàdàn. Ní 1963 ni ó gbé Ọba Kò So jáde. Ní 1964 eré náà dé Berlin, ní 1965 ó dé London níbi àjọ̀dún iṣẹ́ ọnà Kọ́mọ́nwẹ́ẹ̀tì. Dúró ni Ṣàngó. Abíọ́dún, aya rẹ̀, ni àwọn tí wọ́n mọ eré náà mọ̀ sí Ọya.

Kí a tó lè mọ ohun tí ó ṣe, ó yẹ kí a mọ ohun tí ipa Ọya ń béèrè. Ọya ni ayaba tí ń ki ọba. Oríkì ìdílé kì í ṣe iṣẹ́ ọkùnrin nìkan nílẹ̀ Yorùbá. Ní agbo ilé, àwọn ìyàwó ilé àti àwọn ọmọ-osú ni ó mọ̀ ọ́n jù; bẹ́ẹ̀ náà ni Ṣàngó pípè rí láàárín àwọn oníṣàngó, tí ohùn àwọn obìnrin ń gbé òrìṣà sókè kí ó tó gùn ẹlẹ́gùn. Nítorí náà, nígbà tí Abíọ́dún bá dúró níwájú ọkọ rẹ̀ lórí ìtàgé, tí ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kì í, kì í ṣe pé ó ń ti ọkùnrin lẹ́yìn. Iṣẹ́ tí obìnrin ti ń ṣe láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni ó gbé wá sí gbangba. Ṣàngó kò lè di Ṣàngó láìsí ẹni tí yóò pè é bẹ́ẹ̀. Ara Jámánì tí kò gbọ́ Yorùbá lè ṣàìmọ ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ náà, ṣùgbọ́n etí rẹ̀ yóò mọ̀ pé ohùn obìnrin yẹn ni ó gbé ọba ró.

Ipa kejì ni Mọremí, nínú eré mìíràn tí ẹgbẹ́ náà ṣe lórí ìtàn Ifẹ̀. Gbogbo wa ni a mọ ìtàn náà: àwọn tí ń fi koríko bora ń kó Ifẹ̀ lẹ́rú, Mọremí ṣèlérí fún odò Ẹ̀sìnmìrìn, ó jẹ́ kí wọ́n mú òun, ó di aya ọba wọn, ó gbọ́ àṣírí wọn, ó sá padà wálé, ilé dùn, ṣùgbọ́n odò béèrè Olúorogbo, ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo. Ipa tí ó le ni. Obìnrin kan náà ni yóò jẹ́ arẹwà, amí, akọni, tí yóò sì parí rẹ̀ sí ìyá tí ń sunkún. Abíọ́dún ṣe é tí orúkọ náà fi lẹ̀ mọ́ ọn lára. Láti ìgbà náà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ti gbàgbé Abíọ́dún, tí Mọremí sì dúró.

Ọ̀nà ìtàgé àti ọ̀nà tẹlifíṣọ̀n kò rí bákan náà. Lórí ìtàgé, ohùn gbọ́dọ̀ dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ó jókòó sẹ́yìn, apá gbọ́dọ̀ ṣí gbàyàwú, ẹsẹ̀ gbọ́dọ̀ bá ìlù lọ. Níwájú kámẹ́rà, ojú ni ó ń sọ̀rọ̀ jù. Ìmú tí a yín díẹ̀, ìpéǹpéjú tí a rẹ̀ sílẹ̀, ẹ̀rín tí kò dé ojú, gbogbo rẹ̀ ni pálọ̀ Bódìjà ń rí bí ẹni pé òṣèré náà jókòó sórí àga kan náà pẹ̀lú wọn. Àwọn ọba àti òrìṣà inú eré ńlá Dúró Ládiípọ̀ kò sì lè máa wá lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Bodè Wásinmi jẹ́ ti àwọn ènìyàn lásán àti aáwọ̀ wọn. Ẹgbẹ́ tí ó ti ń fi Ọya àti Mọremí gbé ìtàgé ró ní láti kọ́ bí a ti ń ṣe obìnrin àdúgbò. Irú ẹ̀kọ́ yìí ni ìran àwọn òṣèré obìnrin yẹn kọ́ láìsí ilé ìwé kankan, tí wọ́n sì yege.

TA NI Ó KỌ Ọ̀RỌ̀ WỌN?

Ọ̀rọ̀ kan wà tí a kì í sábà ka sí nígbà tí a bá ń yin àwọn ẹgbẹ́ òṣèré wọ̀nyí. Nínú ọ̀pọ̀ wọn, eré tí a ń rí kò sí nínú ìwé. Karin Barber, tí ó bá ẹgbẹ́ Oyin Adéjọbí rìn ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, tí ó sì kọ ìwé lé e lórí ní 2000, fi hàn pé olórí ẹgbẹ́ ni ó ń la ìtàn sílẹ̀, ṣùgbọ́n òṣèré kọ̀ọ̀kan ni ó ń wá ọ̀rọ̀ tí yóò sọ. Bí eré bá ti ń pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ ni òwe ń wọ inú rẹ̀, tí àpárá ń wọ inú rẹ̀, tí ohun tí òǹwòran rẹ́rìn-ín sí lánàá ń gùn sí i lónìí.

Ẹ jẹ́ kí a ro ohun tí èyí túmọ̀ sí. Nígbà tí Grace Oyin-Adéjọbí bá ń sọ̀rọ̀ gẹ́gẹ́ bí ìyálé nínú eré, ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ti ọkọ rẹ̀ tí ó há sórí. Òun ni ó wá a, láti inú ohun tí ó ti gbọ́ lẹ́nu ìyá rẹ̀, ní ọjà, níbi ìgbéyàwó, àti nínú ilé olórogún. Òǹkọ̀wé ni. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn obìnrin tí a ń sọ yìí. Ṣùgbọ́n lára pátákó ìpolówó, lẹ́nu olóòtú, àti nígbà tí orúkọ bá ń kọjá lójú àpótí, ọkùnrin kan ṣoṣo ni ó ni eré náà. A wá rí i pé orúkọ méjì ni ó bo òṣèré obìnrin mọ́lẹ̀: ti ipa tí ó kó níwájú, ti ọkọ tàbí ọ̀gá rẹ̀ lẹ́yìn.

Ẹnì kan lè sọ pé bẹ́ẹ̀ náà ni ti ọkùnrin. Ṣé Mósè Ọláìyá kò di Bàbá Sàlá? Ṣé Lérè Pàímọ́ tí ó ti inú ẹgbẹ́ Dúró Ládiípọ̀ jáde kò di Ẹ̀dá Onílé Ọlá? Òótọ́ ni. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé Bàbá Sàlá ni ó ni ẹgbẹ́, ni ó ni ọkọ̀, ni ó ni àwo orin. Orúkọ ipa rẹ̀ di ilé ìtajà tí ó jẹ́ tirẹ̀. Orúkọ ipa ti obìnrin dà bí aṣọ ẹgbẹ́: ó wọ̀ ọ́, ó yẹ ẹ́, ṣùgbọ́n kò sí ní àpótí rẹ̀.

NÍGBÀ TÍ OLÓRÍ ILÉ BÁ LỌ

Ibi tí ètò yìí ti hàn gbangba ni ìgbà ikú. Kọ́lá Ògúnmọ́lá kú ní 1973. Ní 1978 ni Dúró Ládiípọ̀ kú, ní ọjọ́ 11 oṣù kẹta. Ọdún kan náà ni Òjó Ládiípọ̀, Bàbá Mérò, kú. Ògúndé kú ní 1990, Oyin Adéjọbí ní 2000. Nígbà tí ẹgbẹ́ bá jẹ́ ilé, tí olórí ilé sì kú, ẹgbẹ́ a máa tú. Ẹni tí ó mọ ìlù a bá ti rẹ̀ lọ, ẹni tí ó mọ eré a dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Opó ni ó ń kù pẹ̀lú gbèsè, ọmọ, àti ẹ̀wù eré nínú àpótí.

Nínú ìtàn, Ọya kò dúró lẹ́yìn ọkọ rẹ̀. Yorùbá ní Irá ni ó lọ, tí ó sì wọlẹ̀ níbẹ̀. Ohun tí Ọya inú eré ṣe yàtọ̀ sí èyí. Abíọ́dún kò jẹ́ kí Ọba Kò So bá Dúró wọlẹ̀. Ó bá eré náà lọ pẹ̀lú àwọn ọmọ ẹgbẹ́ tí ó ṣẹ́ kù, ó kọ́ àwọn tí kò bá Dúró láyé, ó sì di ẹni tí à ń tọ̀ lọ bí a bá fẹ́ mọ bí wọ́n ti ń ṣe eré náà. Bí Ṣàngó Dúró Ládiípọ̀ kò bá tíì di ìtàn àtẹnudẹ́nu lásán, obìnrin wà lára àwọn tí ó yẹ kí a dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Péjú Ògúnmọ́lá náà, ọmọ Kọ́lá, gba iṣẹ́ baba rẹ̀ ṣe, ó sì gbé orúkọ ìdílé náà láti orí ìtàgé dé inú fíìmù.

Ìyókù iṣẹ́ wọn ńkọ́? Níbi yìí ni ọ̀rọ̀ ti dunni. Ní ìbẹ̀rẹ̀, ọ̀pọ̀ eré tẹlifíṣọ̀n ni a ń ṣe ní ojú ẹsẹ̀, tí kò sì sí ohun tí a fi gbà á sílẹ̀. Nígbà tí téèpù dé, owó gọbọi ni, nítorí náà wọ́n a máa pa eré àná rẹ́ láti gba eré òní sí i. Èyí kì í ṣe ìwà Nàìjíríà nìkan. Ilé iṣẹ́ BBC ní London náà pa ọ̀pọ̀ eré rẹ́ ní àwọn ọdún 1960 àti 1970. Bí ó ti wù kí ó rí, ohun tí ó ti ibẹ̀ yọ sí wa ni pé ẹ̀rín, ẹkún àti òwe àwọn obìnrin yẹn lọ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ bí ìrì. Ìwé ni ó yọ díẹ̀ nínú wọn. Ìwé ìròyìn Atọ́ka, tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 1967 lábẹ́ olóòtú Ṣẹ́gun Ṣófowótè, ń ya àwòrán eré àwọn ẹgbẹ́ wọ̀nyí, ó sì ń tẹ̀ ẹ́ jáde pẹ̀lú ọ̀rọ̀ wọn. Ẹni tí ó bá ní ẹ̀dà Atọ́ka lábẹ́ ibùsùn bàbá rẹ̀, ìṣúra ni ó ní.

Ọ̀nà ìgbà tún yí. Lẹ́yìn ètò ọrọ̀ ajé SAP ní 1986, owó epo, owó fíìmù àti owó ọkọ̀ ga ju ohun tí ẹgbẹ́ arìnrìnàjò lè rù. Òru sì ti di ohun ẹ̀rù ní Ìbàdàn bí ó ti rí ní Èkó. Ní ìparí ẹ̀wádún náà ni àwọn òṣèré bẹ̀rẹ̀ sí í fi kásẹ́ẹ̀tì fídíò ṣe eré tí wọ́n ń tà fún ìdílé. Fídíò tú ẹgbẹ́ ká, ó sì tú okùn kan náà tí ó so òṣèré obìnrin mọ́ ilé olórí ẹgbẹ́. Ó lè bá ẹni tí ó wù ú ṣeré báyìí, kí ó gba owó rẹ̀ lọ́wọ́. Nígbà tí ó pẹ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í gbé eré jáde fúnra rẹ̀.

Àpẹẹrẹ tí ó hàn jù ni Fúnkẹ́ Akíndélé. Ní 2008 ni fíìmù Jénífà jáde, ìgboro sì sọ ọ́ ní Jénífà, gẹ́gẹ́ bí wọ́n ti sọ Abíọ́dún ní Mọremí. Àṣà náà kò yí padà rárá. Ohun tí ó yí padà ni ẹni tí ó ni orúkọ. Òun ni ó kọ ìtàn náà, nígbà tí ó sì fi orúkọ kan náà ṣe eré tẹlifíṣọ̀n, Jenifa's Diary, òun ni ó ń gbé e jáde. Orúkọ ipa di dúkìá rẹ̀, bí ti Bàbá Sàlá ti rí fún Mósè Ọláìyá. Ẹni tí ó bá rò pé ọjọ́ kan ni obìnrin dé ibẹ̀ kò ka ìtàn. Láti orí akọ̀wé obìnrin tí Ògúndé polówó fún títí dé orí obìnrin tí ó ni eré, àwọn Mọremí ni ó wà láàárín.

Ohun tí ó yẹ kí a ṣe kò ṣòro. Àwọn ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn, ẹ̀ka tí ń kọ́ni ní eré ṣíṣe ní Yunifásítì, àti àwọn ìdílé òṣèré lè kó orúkọ jọ: orúkọ àbísọ, orúkọ ipa, ẹgbẹ́, eré, àti ọdún. Kí a béèrè lọ́wọ́ àwọn tí ó ṣì wà láàyè kí wọ́n tó lọ, kí a sì fi ohùn wọn pamọ́. Ẹ̀rín lè ti pa rẹ́ lórí téèpù. Orúkọ kò gba àyè púpọ̀, kò sì náni lówó gọbọi.

Yorùbá gbà pé orúkọ ọmọ ní í ro ọmọ. Bí a bá ń pe ènìyàn ní Mọremí fún ọ̀pọ̀ ọdún, kò yani lẹ́nu pé yóò ṣe bí akọni. Ṣùgbọ́n Mọremí gidi ní ìlú tí ó ń rántí rẹ̀: Ifẹ̀ ń ṣe ọdún Ẹdì títí di òní olónìí nítorí ohun tí ó fi sílẹ̀. Àwọn tí wọ́n fi ojú àti ohùn wọn kún pálọ̀ Bódìjà, Agbówó àti Ring Road fún ọ̀pọ̀ ọdún kò béèrè fún ọdún lọ́wọ́ wa. Ó tọ́ kí á kàn lè dá wọn mọ̀ ní orúkọ tí a sọ wọ́n lọ́jọ́ kẹjọ.